Bí Byzantium Ṣe Kọ Orin Rẹ̀ Sílẹ̀

 

Iṣẹ́ tí ẹ fi rán mi ni pé kí n wá sọ̀rọ̀ lórí orin ìsìn àwọn ará Byzantium àti oríṣiríṣi àmì tí wọ́n fi kọ ọ́ sílẹ̀ láti ayébáyé. Ó ṣeé ṣe kí ẹlòmíràn ti máa bi ara rẹ̀ pé kí ló kan Yorùbá nínú orin àwọn Gíríìkì. Kò kàn wá púpọ̀, n kò ní parọ́ fún yín. Ṣùgbọ́n ibì kan wà tó ti kàn wá gbọ̀ngbọ̀n, ibẹ̀ ni n ó sì ti mú ọ̀rọ̀ mi: àmì ohùn tí à ń fi sórí ọ̀rọ̀ wa.

Ẹ wo ìlà kékeré méjì tí à ń fà sórí fáwẹ̀lì, èyí tó gòkè àti èyí tó wálẹ̀. Àwọn míṣọ́nnárì kọ́ ló dá wọn sílẹ̀. Bíṣọ́ọ̀bù Àjàyí Crowther náà kọ́, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó lò wọ́n nínú àwọn ìwé tó kọ lórí èdè wa ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún. Ìlú Alẹkisáńdíríà ní Íjíbítì ni wọ́n ti ṣẹ̀, ní nǹkan bí 200 ọdún ṣáájú ìbí Jésù. Aristophanes ará Byzantium, tó jẹ́ alábòójútó ilé ìkówèésí ńlá ìlú náà, ni wọ́n máa ń sọ pé ó ṣe iṣẹ́ náà. Èdè Gíríìkì ayé ìgbà yẹn ní ohùn òkè àti ohùn ìsàlẹ̀. Àwọn àjèjì tó ń kọ́ ọ ń ṣì í pè, ewì àtijọ́ sì ti ń ṣòro kà fún àwọn onílé pàápàá. Ni wọ́n bá ń fi àmì sórí ọ̀rọ̀. Wọ́n pe èyí tó gòkè ní oxeia, wọ́n pe èyí tó wálẹ̀ ní bareia. Nígbà tó fi máa di nǹkan bí ọ̀rúndún kẹrin lẹ́yìn ìbí Jésù, ohùn ti kúrò lẹ́nu àwọn Gíríìkì. Sílébù kan ni wọ́n kàn ń tẹ̀ mọ́lẹ̀ ju àwọn yòókù lọ. Àmì ò kúrò nínú ìwé ní tirẹ̀. Ó gba ọ̀dọ̀ àwọn tó ń kọ èdè Látìn àti Faransé kọjá, ó dé ọwọ́ àwọn òyìnbó tó wá sí ilẹ̀ wa, ó sì wá bá èdè kan tí ohùn ṣì wà lẹ́nu àwọn tó ń sọ ọ́ digbí.

Ọ̀nà kan nìyẹn. Ọ̀nà kejì tí àmì méjèèjì yìí gbà ni ọ̀rọ̀ tòní. Wọ́n wọ ṣọ́ọ̀ṣì ní Constantinople, wọ́n bímọ síbẹ̀, àwọn ọmọ wọn sì di àmì orin. Ìtàn yẹn gùn tó ẹgbẹ̀rún ọdún. Ohun kan ni mo sì rí tó ń lọ nínú rẹ̀ látòkè délẹ̀: ẹni tó ti mọ orin náà tẹ́lẹ̀ ni wọ́n ń kọ àmì fún. Èló nínú orin ni ó yẹ kí ìwé sọ, èló ni ó yẹ kí a fi sílẹ̀ fún ẹnu olùkọ́? Lórí èyí ni wọ́n ti ń bá ara wọn jiyàn láti ìgbà náà títí di òní.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mọ ìlú náà. Byzantium jẹ́ ìlú kékeré létí omi, níbi tí Yúróòpù àti Éṣíà ti fẹ́rẹ̀ẹ́ fara kanra. Ní ọdún 330, Ọba Constantine ya ìlú náà sí mímọ́ gẹ́gẹ́ bí olú-ìlú tuntun fún ìjọba Róòmù, orúkọ rẹ̀ ló sì fi sọ ọ́ ní Constantinople. Ní 537, Ọba Justinian ṣí ṣọ́ọ̀ṣì Hagia Sophia síbẹ̀. Ọdún méjì ṣáájú ìgbà náà ló ti ṣòfin nípa iye òṣìṣẹ́ tí ṣọ́ọ̀ṣì ńlá náà gbọ́dọ̀ ní, nítorí owó oṣù ti ń pọ̀ ju agbára lọ. Nínú òfin yẹn la ti rí i pé díákónì 100 ni wọ́n fọwọ́ sí, àwọn tó ń ka Ìwé Mímọ́ jẹ́ 110, àwọn akọrin sì jẹ́ 25. Mo fẹ́ kí ẹ rántí pé òǹkàwé àti akọrin kì í ṣe ẹgbẹ́ kan náà. Àmì ti ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan máa yàtọ̀ níwájú.

Kò sí ìlù nínú ṣọ́ọ̀ṣì yẹn, kò sí fèrè, kò sí gòjé. Ohùn ènìyàn nìkan ni. Kì í ṣe pé wọn kò ní ohun èlò orin o. Ọ́gàànù wà ní ìlú náà, inú ààfin àti pápá eré ẹṣin ni wọ́n ti ń tẹ̀ ẹ́. Ní 757, Ọba Constantine Karùn-ún fi ọ̀kan ṣe ẹ̀bùn ránṣẹ́ sí Pepin, ọba àwọn Franks. Ìjọ apá ìwọ̀-oòrùn Yúróòpù wá gba ohun èlò yìí wọlé, ó sọ ọ́ di ohun ìjọsìn, àwọn míṣọ́nnárì sì gbé e dé Èkó. Nínú Ìjọ àwọn tó fi ta àwọn Franks lọ́rẹ, àwọn akọrin ṣì ń kọrin lásán láìsí i.

Ilé náà fúnra rẹ̀ sì jẹ́ ohun èlò. Ní 2010, àwọn olùwádìí láti yunifásítì Stanford ní Amẹ́ríkà gbàṣẹ láti fọ́ bàlúùnù nínú Hagia Sophia, nígbà tó ṣì jẹ́ ilé ohun ìṣẹ̀ǹbáyé tí wọn kì í jẹ́ kí ẹnikẹ́ni kọrin níbẹ̀. Wọ́n gba ìró náà sílẹ̀, wọ́n wọn bó ṣe pẹ́ tó kó tó kú tán. Ó lé ní ìṣẹ́jú àáyá mẹ́wàá. Ẹ rò ó wò. Bí akọrin bá sáré kọrin níbẹ̀, ìró ti ìṣáájú á máa bá ti ẹ̀yìn jà. Bó bá fa ohùn gùn, ìró méjèèjì á di ẹyọ kan, ẹni tó ń gbọ́ kò sì ní mọ̀ bóyá láti ẹnu ènìyàn ni tàbí láti òrùlé. Àwọn olùwádìí náà fi kọ̀ǹpútà so ìró ilé yìí mọ́ ohùn ẹgbẹ́ akọrin Cappella Romana, wọ́n sì gbé àwo orin jáde ní 2019. Ẹ wá a gbọ́ nígbà tí ẹ bá délé.

Ìpìlẹ̀ orin yìí ni echos mẹ́jọ. Ẹ má kàn rò ó bíi dò-rè-mì mẹ́jọ ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀. Echos kan ní ibi tó ń sinmi sí, ó ní ọ̀nà tó máa ń gbà gòkè àti ọ̀nà tó máa ń gbà parí, ó sì ní sílébù tirẹ̀ tí akọrin á kọ́kọ́ fi pe ohùn, irú bí ananes tàbí neanes, kí gbogbo ilé tó mọ inú èwo ni wọ́n wà. Ọ̀sẹ̀ kan ni echos kọ̀ọ̀kan ń jọba. Bí ọ̀sẹ̀ mẹ́jọ bá pé, wọ́n á tún bẹ̀rẹ̀ láti orí èkíní. John ará Damásíkù, mọ́ńkì kan tó gbé ní ọ̀rúndún kẹjọ, ni àṣà ìjọ sọ pé ó to ètò náà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ètò mẹ́jọ náà ti wà ṣáájú rẹ̀ ní agbègbè Jerúsálẹ́mù.

Ọ̀pọ̀ ewì tó dára jù nínú ìjọ yìí ló ti wà kí àmì orin tó dé. Romanos, ọmọ ìlú Emesa ní Síríà, tó ṣe díákónì ní Beirut kó tó wá sí Constantinople, ló kọ àwọn kontakion ní ọ̀rúndún kẹfà, ìyẹn ìwàásù tí a fi orin kọ. Ìtàn sọ pé olóhùn burúkú ni tẹ́lẹ̀, títí Màríà fi yọ sí i lójú oorun, tó fún un ní ìwé kíká jẹ. Ọ̀rọ̀ Romanos wà lọ́wọ́ wa. Orin tó fi kọ wọ́n ti bá a lọ.

Kassia ní tirẹ̀ gbé ní ọ̀rúndún kẹsàn-án. Wọ́n ní nígbà tí wọ́n to àwọn ọmọge jọ kí Ọba Theophilos lè mú aya, ọba mú èso ápù dání, ó dúró níwájú rẹ̀, ó ní ọ̀dọ̀ obìnrin ni ibi ti wọ ayé. Ó dáhùn pé ọ̀dọ̀ obìnrin náà ni ire ti wá. Ọba gbé ápù fún Theodora. Kassia lọ dá ilé àwọn obìnrin ajẹ́jẹ̀ẹ́ sílẹ̀, ó sì ń kọ orin. Bí ìtàn ọba bá tilẹ̀ jẹ́ àhesọ, orin kò jẹ́ àhesọ: títí di òní, ní alẹ́ Túsìdeè Ọ̀sẹ̀ Mímọ́, orin rẹ̀ nípa obìnrin ẹlẹ́ṣẹ̀ ni ń fa èrò wá sí ṣọ́ọ̀ṣì ní ilẹ̀ Gíríìkì, títí kan àwọn tí kì í wá rárá.

Báwo ni wọ́n ṣe ń rántí orin tó pọ̀ tó bẹ́ẹ̀ láìsí ìwé? Wọ́n ní orin àwòkọ́ṣe. Akọrin ti mọ orin kan dunjú. Akéwì tuntun á wá kọ ọ̀rọ̀ mìíràn tí iye sílébù rẹ̀ àti ibi tí wọ́n ti ń tẹ̀ ẹ́ bá ti àkọ́kọ́ mu rẹ́gí. Ohun tí wọ́n kàn ní láti kọ sókè ìwé ni ìbẹ̀rẹ̀ orin àwòkọ́ṣe náà. Ẹ̀yin ọ̀gá akọrin mọ ibi tí bàtà ti ń ta wá lórí ọ̀rọ̀ yìí. Nígbà tí wọ́n fi ọ̀rọ̀ Yorùbá sórí orin òyìnbó, sílébù ni wọ́n kà, wọn ò ka ohùn, ọ̀rọ̀ sì yí ìtumọ̀ padà lẹ́nu àwọn olùjọsìn. Ẹkúndayọ̀ Phillips, tó tẹ ọ́gàànù ní Kàtídírà Krístì l'Ékòó fún ọ̀pọ̀ ọdún, kọ ìwé lórí orin Yorùbá jáde ní 1953 nítorí irú ìnira bẹ́ẹ̀. Àwọn akéwì Byzantium ò ní wàhálà yẹn, nítorí ohùn ti kúrò nínú èdè wọn. Ìtẹ̀mọ́lẹ̀ nìkan ni wọ́n ń ṣọ́.

Nígbà tí àmì máa wọlé, ọ̀dọ̀ òǹkàwé ló kọ́kọ́ lọ. Láti nǹkan bí ọ̀rúndún kẹsàn-án la ti ń rí ìwé Ìhìnrere tí wọ́n fi àmì kéékèèké sí, tàdáwà pupa sì ni wọ́n sábà máa fi ń kọ ọ́. Wọn kì í ka Ìwé Mímọ́ bí ẹni ń ka ìwé ìròyìn. Ohùn ni wọ́n fi ń gbé e. Àmì kan á wà ní ìbẹ̀rẹ̀ gbólóhùn, òmíràn ní òpin rẹ̀. Oxeia wà nínú wọn, bareia náà wà níbẹ̀. Ṣùgbọ́n kò sí ẹni tó lè fi àwọn àmì náà nìkan kọ́ bí wọ́n ṣe ń ka ìwé yẹn. Bẹ́ẹ̀ gan-an ni àmì àwọn akọrin nígbà tó kọ́kọ́ jáde ní ọ̀rúndún kẹwàá. Ó lè sọ fún ọ pé ohùn ń gòkè níbí, pé ó ń wálẹ̀ lọ́hùn-ún, kò sì ní sọ bó ṣe ga tó. Irú àmì àtètèkọ́ṣe yìí ni àwọn ará Rọ́ṣíà gbà pẹ̀lú ẹ̀sìn, wọ́n sì tún un ṣe lọ́nà tiwọn títí ó fi di ohun mìíràn.

Ìyípadà ńlá wáyé ní ọ̀rúndún kejìlá. Ìwé àfọwọ́kọ kan wà ní ilé àwọn mọ́ńkì St. Catherine lẹ́sẹ̀ Òkè Sínáì tí wọ́n kọ ní 1177, àmì tuntun náà ló sì wà nínú rẹ̀. Láti ìgbà náà, àmì ti ń ka ìpele. Ẹ jẹ́ kí n fi ọwọ́ ṣe é fún yín, nítorí níbí ni ẹwà rẹ̀ wà.

Ká sọ pé orí sò la wà. Àmì àkọ́kọ́ tó délẹ̀ ni ison. Ó ní: dúró síbi tí o wà. A kọ sò. Èkejì ni oligon, ìlà gbọọrọ kan tó dùbúlẹ̀. Ó ní: gòkè ìpele kan. A kọ là. Ẹ̀kẹta ni apostrophos, tó rí bíi kọ́mà: sọ̀kalẹ̀ ìpele kan. A padà sí sò. Ẹ̀kẹrin ni elaphron, ìlà tó tẹ̀ kọdọrọ: sọ̀kalẹ̀ ìpele méjì lẹ́ẹ̀kan náà. A bọ́ sórí mì. Bí a bá fẹ́ fò sókè, oligon á gbé àmì tín-ín-rín kan tó ń jẹ́ kentema dání. Nínú ìwé òde òní, bí kentema bá wà lábẹ́ oligon, ìpele méjì ni. Bó bá gun orí rẹ̀, ó di mẹ́ta.

Ǹjẹ́ ẹ rí ohun tó yàtọ̀ níbẹ̀? Kò sí àmì kankan tó sọ pé "kọ là". Ìrìn ni wọ́n kọ sílẹ̀, wọn ò kọ ibùdó. Ẹni tó bá ṣi ìpele kan gbé ní ìlà kìíní á ru àṣìṣe náà dé òpin ojú ìwé. Àwọn akọ̀wé mọ̀ bẹ́ẹ̀, ìdí nìyí tí wọ́n fi ń tẹ àmì mìíràn sí àárín orin, tí wọ́n pè ní ẹlẹ́rìí, kí akọrin lè fi wo ara rẹ̀ bóyá ibi tó yẹ kó wà ló wà.

Ohun kejì tún wà. Bí ó bá jẹ́ pé ìpele nìkan ni wọ́n fẹ́ kà, àmì kan ì bá tó fún gígòkè kan. Ṣùgbọ́n oligon ń gòkè kan, petaste ń gòkè kan, kentemata ń gòkè kan, oxeia tiwa àtijọ́ náà ń gòkè kan. Ọ̀nà tí ohùn ń gbà gòkè ló yàtọ̀. Petaste ń ta ohùn sókè bí ẹni ju nǹkan. Kentemata ń rọra yọ́ gòkè lórí sílébù tó ti wà nílẹ̀, kì í gbé sílébù tuntun. Ẹni tó ń kọ́ orin kì í mọ ìyàtọ̀ yìí láti inú ìwé. Ó ń wo ọwọ́ ọ̀gá akọrin, nítorí ọ̀gá ní bó ṣe ń ju ọwọ́ fún àmì kọ̀ọ̀kan, ó sì ń gbọ́ ẹnu rẹ̀.

Ẹni tí orúkọ rẹ̀ tàn jù láàárín àwọn ọ̀gá yìí ni John Koukouzeles. Dyrrachium, ìlú etí òkun tó wà ní Albania lónìí, ni wọ́n ti bí i ní apá ìparí ọ̀rúndún kẹtàlá. Ohùn rẹ̀ ló gbé e dé ilé ẹ̀kọ́ inú ààfin. Wọ́n ní nígbà tí ààfin sú u, ó yọ́ sá lọ sí Òkè Athos, òkè àwọn mọ́ńkì ní ilẹ̀ Gíríìkì, ó sọ pé darandaran lòun, wọ́n sì fún un ní ewúrẹ́ ṣọ́. Lọ́jọ́ kan ó rò pé òun nìkan wà, ó ki orin bọnu, àwọn ewúrẹ́ dúró, wọn ò jẹ koríko mọ́. Mọ́ńkì kan tó rí èyí ló tú àṣírí rẹ̀.

Iṣẹ́ tí mo fẹ́ràn jù nínú tirẹ̀ kì í ṣe orin ìsìn rárá, orin ẹ̀kọ́ ni. Mega Ison ni wọ́n ń pè é. Orúkọ àwọn àmì ló jẹ́ ọ̀rọ̀ orin náà: bó o bá dé "oligon", orin á ṣe ohun tí oligon ń ṣe, bó o bá dé "apostrophos", ohùn á wálẹ̀. Akẹ́kọ̀ọ́ tó bá kọ ọ́ tán ti kó gbogbo àmì sórí láìmọ̀ pé ẹ̀kọ́ lòun ń kọ́. N kò tíì rí ìwé orin kankan níbikíbi tó gbọ́n ju èyí lọ.

Láyé Koukouzeles ni orin ìjọ yìí gùn, tó sì di iṣẹ́ ọnà gbáà. Akọrin lè fa ọ̀rọ̀ kan fún ìṣẹ́jú púpọ̀, kó wá já ọ̀rọ̀ náà sílẹ̀ pátápátá, kó máa kọ "te-ri-rem, te-re-rem" tí kò ní ìtumọ̀ kankan. Láyé rẹ̀ náà ni orúkọ àwọn tó ṣe orin bẹ̀rẹ̀ sí í hàn káàkiri lórí ìwé: èyí ti Glykys, èyí ti Korones. Tẹ́lẹ̀, ìjọ ló ni orin. Ìwé àfọwọ́kọ kan tí wọ́n parí ní 1336, tó wà ní Ilé Ìkówèésí Orílẹ̀-èdè ní Athens, ti fi ètò tuntun yìí hàn kedere.

Ní 29 oṣù Karùn-ún 1453, Súlítáànì Mehmed, ọba àwọn Tọ́kì, gba ìlú Constantinople. Manuel Chrysaphes, tó jẹ́ lampadarios nínú ààfin, ìyẹn ọ̀gá akọrin apá òsì, wà nínú àwọn tó la ìṣubú náà kọjá. Ní 1458 ó kọ ìwé kan lórí iṣẹ́ wọn, inú sì ń bí i nínú ìwé náà. Ó ní àwọn kan rò pé bí àwọn bá ti lè ka àmì ní oókan-èjì, àwọn ti di akọrin. Ó ní èyí tó rọrùn jù nínú iṣẹ́ náà nìyẹn. Mímọ bí ìdìpọ̀ àmì ṣe ń di gbólóhùn orin ni iṣẹ́ gan-an, ọ̀dọ̀ àwọn àgbà ni wọ́n sì ti ń kọ́ ọ. Ẹ fi ọ̀rọ̀ ọkùnrin yìí sọ́kàn, nítorí ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó 500 ọdún lẹ́yìn rẹ̀ kí ìjà tó bẹ́ lórí ohun tó sọ.

Orin kò kú lábẹ́ àwọn Tọ́kì. Petros ará Peloponnese, tó di lampadarios ní ọ̀rúndún kejìdínlógún, ń kọrin Gíríìkì ní ṣọ́ọ̀ṣì, ó sì tún mọ orin ààfin Súlítáànì dunjú. Wọ́n sọ ọ́ ní Petros Olè. Ìdí ni pé kò sí orin tó gbọ́ lẹ́ẹ̀kan tí kò ní kọ sílẹ̀. Ìtàn sọ pé àwọn olórin Páṣíà kan gbé orin tuntun wá fún Súlítáànì, àwọn olórin ìlú sì fi Petros pamọ́ níbi tó ti lè gbọ́ nígbà tí wọ́n ń múra. Nígbà tí àwọn àlejò kọrin tán, Petros yọjú, ó ní orin àtijọ́ nìyí kẹ̀, ó sì kọ ọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Nígbà tó kú ní 1778, wọ́n ní àwọn Mùsùlùmí tó ń fọn fèrè nínú ìsìn wọn wá síbi ìsìnkú rẹ̀, wọ́n sì fi fèrè kan sínú pósí rẹ̀.

Lọ́dọ̀ Petros àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀, àmì ti ń gba ìrísí mìíràn. Àwọn akọrin ti wá ń fi ohun tí ẹnu ń kọ kún inú ìwé díẹ̀díẹ̀. Ibi tí ìwé àtijọ́ kọ àmì mẹ́ta sí, tiwọn á kọ mẹ́wàá. Ní 1814 ni wọ́n parí ọ̀rọ̀ náà. Àwọn mẹ́ta ni: Chrysanthos ará Madytos, Gregorios tó di ọ̀gá akọrin àgbà, àti Chourmouzios tó ń tọ́jú ìwé ìjọ. Ìjọ fọwọ́ sí ètò wọn, ilé ẹ̀kọ́ sì ṣí ní 1815. Chrysanthos gbọ́ Látìn àti Faransé, ó sì mọ dò-rè-mì àwọn òyìnbó. Ó fún ìpele méje ní orúkọ láti inú lẹ́tà méje àkọ́kọ́ èdè Gíríìkì: pa, vou, ga, di, ke, zo, ni. Wọ́n dín àmì kù. Wọ́n sọ iye àkókò tí ohùn kọ̀ọ̀kan máa gbà. Ní 1820, ìwé orin wọn jáde láti ilé ìtẹ̀wé ní Bucharest, ìgbà àkọ́kọ́ tí irú rẹ̀ máa jáde láti inú ẹ̀rọ. Chourmouzios wá jókòó ti iṣẹ́ àtúnkọ, ó ń yí orin àtijọ́ sí àmì tuntun ní ìdìpọ̀ lórí ìdìpọ̀ títí ó fi kú ní 1840.

Wọ́n tún gbìyànjú láti fi nọ́ńbà wọn ohùn. Ìwé ńlá Chrysanthos, tó jáde ní Trieste ní 1832, pín ohùn láti dò dé dò sí ọ̀nà 68. Ní 1881 ìjọ yan ìgbìmọ̀ kan tó yí i sí 72. Bí a bá fi 72 yìí wo píánò, láti bọ́tìnnì kan sí èyí tó tẹ̀ lé e jẹ́ 6, ìpele kíkún sì jẹ́ 12. Ṣùgbọ́n láti pa sí vou, tó dà bíi rè sí mì, 10 ni. Láti vou sí ga, 8. Ìyẹn ni pé mì tiwọn rẹlẹ̀ díẹ̀ ju mì orí píánò lọ. Kò sí bọ́tìnnì tí ẹ lè tẹ̀ tó máa fún yín ní ohùn yẹn. Ẹni tó bá ti gbọ́ àwọn àgbà ìlú wa tí wọ́n ń kọrin láìsí píánò lẹ́yìn kò ní ṣàìmọ irú ohùn bẹ́ẹ̀.

Ìjà tí mo sọ wá bẹ́. Ní 1931, Carsten Høeg ní Copenhagen, pẹ̀lú H. J. W. Tillyard láti Bìrìtìkó àti Egon Wellesz láti Austria, dá iṣẹ́ Monumenta Musicae Byzantinae sílẹ̀ láti tẹ àwọn ìwé àfọwọ́kọ náà jáde. Wọ́n ka ìpele bó ṣe wà, wọ́n kọ ọ́ sórí ìlà márùn-ún ti àwọn òyìnbó, orin tó jáde sì rọrùn, ó mọ́ tónítóní, kò ní ohùn àárín bọ́tìnnì. Wọ́n ní ohun tí àwọn Gíríìkì ń kọ ní ṣọ́ọ̀ṣì wọn báyìí, àwọn Tọ́kì ti bà á jẹ́. Àwọn Gíríìkì fárí gá. Konstantinos Psachos ti kọ̀wé ní 1917 pé ìkékúrú ni àmì àtijọ́, pé àmì díẹ̀ dúró fún orin gígùn tí ẹnu ń tú sílẹ̀. Lójú wọn, àwọn ará Copenhagen kàn ń ka egungun, wọ́n sì ń pè é ní ènìyàn.

Níbo ni mo dúró sí? Lórí ìṣirò ìpele, àwọn ará Copenhagen jàre. Ìwé náà sọ ohun tó sọ. N kò sì rò pé gbogbo gígùn tí àwọn ọ̀gá ọ̀rúndún kejìdínlógún fi kún orin ti wà bẹ́ẹ̀ ní 1177. Ṣùgbọ́n kí ẹnìkan wá sọ pé àmì nìkan ni orin, ohun tí Manuel Chrysaphes bínú sí gan-an ni, kì í sì í ṣe Tọ́kì ló kọ́ ọ ní ìbínú náà. Bí àwọn mẹ́ta yẹn bá ka àwọn ohun tí ọwọ́ ọ̀gá ń sọ sí ọ̀ṣọ́ lásán, kí ni petaste wá wà fún? Láti àádọ́ta ọdún sẹ́yìn ni àwọn onímọ̀ apá méjèèjì ti ń jókòó sídìí tábìlì kan náà, iṣẹ́ tó dára jù sì ni èyí tí wọ́n jọ ń ṣe.

Lónìí wọ́n ń kọ orin yìí ní Gíríìkì, ní Lárúbáwá, ní èdè Romania, àti ní àwọn èdè Áfíríkà lábẹ́ Ìjọ Ọ́tọ́dọ́ọ̀sì ti Alẹkisáńdíríà, tó ní bíṣọ́ọ̀bù kan ní Èkó. Ní 2019, UNESCO kọ ọ́ mọ́ àwọn ogún àjogúnbá aráyé lórúkọ ilẹ̀ Gíríìkì àti Kípírù.

Ẹ̀rọ ti wà nílẹ̀ báyìí, ẹ jẹ́ ká gbọ́ nǹkan. Iakovos Nafpliotis ni, tó jẹ́ ọ̀gá akọrin àgbà ní ṣọ́ọ̀ṣì Pátíríákì ní Istanbul (Constantinople àtijọ́), tó sì kú ní 1942. Àwo orin àtijọ́ tó ṣe ní apá ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún ogún ni, ẹ má bínú sí ariwo tó wà lábẹ́ rẹ̀. Mo ti pín ẹ̀dà ojú ìwé kan láti inú ìwé orin fún yín. Ẹ fi ìka tẹ̀ lé àmì bó ṣe ń kọ ọ́. Níbi tí ẹ bá ti rí i pé ẹnu rẹ̀ ń ṣe ju ohun tí ìka yín wà lórí rẹ̀ lọ, ẹ fi bírò yí i po. Bí àwo bá parí, a ó wo ibi tí gbogbo wa yí po, a ó sì jọ béèrè lọ́wọ́ ara wa, lọ́kọ̀ọ̀kan, bóyá ó yẹ kí ẹnìkan ti kọ ọ́ sílẹ̀.